Orúkọ Ni Owó Iṣẹ́ Wọn

Ẹ jẹ́ kí n fi ìbéèrè kan kanlẹ̀kùn. Ta ló mọ Abdulsalam Sanyaolú nínú yín?

Nígbà tí mo ń kọ ọ̀rọ̀ yìí sílẹ̀ nílé, mo ti mọ̀ pé ibi tí gbọ̀ngàn yóò ti dákẹ́ nìyẹn. Ó dáa. Ta ló mọ Agbákò?

Ẹ ṣeun. Ariwo yẹn gan-an ni mo wá sọ̀rọ̀ lé lórí. Ẹnì kan náà ni àwọn méjèèjì. Ọmọ Abẹ́òkúta ni, wọ́n tún ń pè é ní Charles Olúmọ. Ọdún 1923 ni wọ́n ní wọ́n bí i, ìparí oṣù kẹwàá ọdún 2024 ló sì jáde láyé; ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún. Nínú gbogbo ọdún tó fi ṣeré, kì í sábà ṣe òun ló ni ìtàn. Òun ni wọ́n máa ń rán sí ẹni tó ni ìtàn. Yóò wọlé, yóò ranjú, yóò lu ẹni tí wọ́n ní kó lù, yóò sì jáde. Ìṣẹ́jú mẹ́rin, ó pọ̀ jù ni ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Síbẹ̀, bí ọmọdé bá ń sunkún lóru nígbà kan, orúkọ rẹ̀ làwọn ìyá kan fi ń pa á lẹ́nu mọ́.

Àwọn tó pè mí wá síbí ní kí n sọ̀rọ̀ lórí irú òṣèré bẹ́ẹ̀. Èdè ni mo kọ́kọ́ bá fà á. Ìwé lítíréṣọ̀ tí a kà ní ilé ẹ̀kọ́ girama pe ẹni tó ni ìtàn ní olú ẹ̀dá-ìtàn, ó sì pe ìkejì rẹ̀ ní amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́. Ìyẹn dára fún ìdánwò. Ní lókéṣọ̀n, níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù, kò sẹ́ni tó ń sọ bẹ́ẹ̀. Ohun tí ẹ ó gbọ́ níbẹ̀ ni wàkàpáàsì, ìyẹn ẹni tó kàn gba iwájú kámẹ́rà kọjá: oníbàárà nínú ọjà, ẹni tó jókòó sí tábìlì kejì nílé ọtí. Kì í ṣe wàkàpáàsì ni mo ń sọ. Ẹni tí mo ń sọ ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu, ó ní ojú tí a dá mọ̀, irú ènìyàn kan náà ló sì máa ń jẹ́ láti fíìmù dé fíìmù. Òun ni babaláwo. Òun ni ìyá ọkọ. Òun ni máígáàdì, òun ni jàǹdùkú, òun ni dókítà tó máa ń bọ́ awò ojú rẹ̀ kó tó sọ fún ẹbí pé ẹ̀pa ò bóró mọ́. (Mi ò tíì rí dókítà kankan nílé ìwòsàn tó bọ́ awò ojú kó tó sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká fìyẹn sílẹ̀.)

Ohun tí mo fẹ́ sọ nípa rẹ̀ kò pọ̀. Nínú eré tiwa, orúkọ ni owó iṣẹ́ rẹ̀. Orúkọ ni wọ́n ń san fún un, orúkọ ló ń ná, orúkọ náà ló sì máa ń kù sí i lọ́wọ́ nígbà tí eékún kò bá gbé e lọ sí lókéṣọ̀n mọ́.

Yorùbá kò fi orúkọ ṣeré. A mọ àmútọ̀runwá, a mọ àbísọ, a mọ oríkì tí ìyá fi ń pe ọmọ kí orí rẹ̀ wú. Ilé là ń wò ká tó sọ ọmọ lórúkọ. Àwọn òṣèré wọ̀nyí wá ní ọ̀kan lé e: èyí tí wọ́n sọ wọ́n lẹ́yìn tí wọ́n ti dàgbà, tó jẹ́ pé àwọn tí kò mọ ilé wọn ló sọ wọ́n. Òjó Arówóṣáfẹ́ kó sínú *Àrélù*, eré Jimoh Aliu tó gba orí tẹlifíṣàn kan lẹ́yìn ọdún 1980, ó sì di Fádèyí Olóró títí di òní. Nínú eré kan náà ni Fọlákẹ́ Àrẹ̀mú ti di Òrìṣàbùnmi. Nígbà tí Fọlákẹ́ kú ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2021, oṣù díẹ̀ lẹ́yìn tí Jimoh Aliu fúnra rẹ̀ lọ, Òrìṣàbùnmi ni gbogbo ìwé ìròyìn kọ gàdàgbà. Orúkọ tí ilé sọ ọ́ ṣe wẹ́wẹ́ sísàlẹ̀.

Ti Ìyá Rainbow tún yàtọ̀. Ìdòwú Philips lorúkọ rẹ̀, nọ́ọ̀sì ni kó tó di òṣèré. Ọkọ rẹ̀ ló ní ẹgbẹ́ eléré kan tó ń jẹ́ Òṣùmàrè. Ọkọ kú, ẹgbẹ́ kò gbọdọ̀ kú, ìyàwó bá bọ́ síwájú. Àwọn ènìyàn yí Òṣùmàrè sí Rainbow, wọ́n sì fi ìyá sí i níwájú. Ẹ wò ó dáadáa: orúkọ tí gbogbo ayé ń pè é, ilé iṣẹ́ ọkọ rẹ̀ tó ti lọ ni. Bí ẹnì kan bá ti ké sí i lọ́jà, ọkọ rẹ̀ ló ń ké sí pẹ̀lú, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹni tó ń pè é kò mọ̀.

Kí ló dé tí orúkọ fi ń lẹ̀ mọ́ àwọn èèyàn yìí tó báyìí? Èmi ò gbà pé kámẹ́rà nìkan ló fà á. Ọ̀nà tí a gbà ń ṣeré kí kámẹ́rà tó dé ló fà á.

Ọdún 1944 ni Hubert Ògúndé gbé eré rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde fún ìjọ Aládùúrà kan ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta. Ọlọ́pàá ni nígbà náà. Lẹ́yìn náà ló kọ iṣẹ́ ìjọba sílẹ̀. Láti ìgbà yẹn títí fíìmù fi gba ọjà, ẹgbẹ́ alárìnjò ni ilé ẹ̀kọ́ tí ọ̀pọ̀ òṣèré Yorùbá gbà kọjá, kò sì sí ẹni tí wọ́n gbà síbẹ̀ pé kó kàn wá ṣe eré. Ẹni tó máa jọba lórí ìtàgé lálẹ́ yìí, òun ló lẹ pósítà mọ́ ògiri lánàá. Òun ló ru àga kúrò nínú lọ́rì, òun ló lulù nígbà tí wọ́n ń fi ọkọ̀ polówó yí ìlú ká, òun náà ló jókòó sẹ́nu ọ̀nà tó ń já tíkẹ́ẹ̀tì kó tó sáré lọ kun àtíkè. Ògúndé mọ bí ó ṣe rọrùn tó kí òṣèré tó ti mọṣẹ́ sá lọ. Ó fẹ́ púpọ̀ nínú àwọn obìnrin inú ẹgbẹ́ rẹ̀ sílé. Ẹ lè rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ọ̀gá tó mọ iye òṣèré ló ṣe bẹ́ẹ̀.

Èyí tó ṣe pàtàkì jù ni pé ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ wọ̀nyí kò ní ìwé eré. Ọ̀gá yóò pe gbogbo wọn jọ, yóò sọ ìtàn: ìwọ lọba, ìwọ nìyálé, o fẹ́ pa ọmọ orogún rẹ, o dé ọ̀dọ̀ babaláwo, babaláwo kọ̀. Ó parí. Ọ̀rọ̀ tí babaláwo máa sọ, babaláwo ló máa wá a. Karin Barber, ọ̀mọ̀wé òyìnbó tó wọ inú ẹgbẹ́ Oyin Adéjọbí, tó bá wọn ṣeré, tó sì kọ ìwé ńlá nípa wọn, ṣàlàyé èyí fún ayé kà. Àwa tí a wò wọ́n ní gbọ̀ngàn ìlú ti mọ̀ tipẹ́. Bí babaláwo bá rí i pé èrò rẹ́rìn-ín sí gbólóhùn kan ní Ṣakí, yóò fà á gùn díẹ̀ ní Ìṣẹ́yìn. Tó bá fi máa dé Ìbàdàn, gbólóhùn náà ti di orin, àwọn ọmọdé ti ń kọ ọ́ tẹ̀lé e. Ẹni tó ń ṣe irú iṣẹ́ yẹn ti kúrò lẹ́ni tí ọ̀gá ń rán. Òun ló kọ apá tirẹ̀, ẹnu ló fi kọ ọ́. Abájọ tí èrò fi sọ ọ́ lórúkọ ohun tó kọ.

Lérè Pàímọ́ la irú ọ̀nà yẹn kọjá. Ọdún 1939 ni wọ́n bí i ní Ògbómọ̀ṣọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ Oyin Adéjọbí ní ọdún 1960, ó kúrò níbẹ̀ lọ sọ́dọ̀ Dúró Ládípọ̀ ní Òṣogbo, òun ló sì jẹ́ Gbọ́nkà nínú *Ọba Kò So*, eré tí wọ́n gbé lọ sí Berlin ní ọdún 1964. Ṣàngó ló ni eré náà. Orúkọ Ṣàngó ló wà nínú àkọlé, Dúró Ládípọ̀ fúnra rẹ̀ ló ń jẹ́ ẹ, iná ń jáde lẹ́nu rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ yọ Gbọ́nkà kúrò kí ẹ wo ohun tó kù. Gbọ́nkà ló fi ọ̀rọ̀ ẹnu gbé Tìmì, jagunjagun bíi tirẹ̀, sùn. Gbọ́nkà ni wọ́n jù sínú iná, tí iná kọ̀ tí kò jó o. Gbọ́nkà ló padà wá bá ọba tí ọba kò fi ríbi sá sí. Bí kò bá sí òun, Ṣàngó ì bá ṣì wà lórí oyè ní Ọ̀yọ́ títí aṣọ ìtàgé yóò fi wálẹ̀.

Pàímọ́ kò dúró sí Gbọ́nkà, ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, ó ṣe *Ẹ̀dá Onílé Ọlá*, ìyẹn sì di orúkọ tí wọ́n ń pè é. Ìjọba fi oyè MFR dá a lọ́lá ní ọdún 2005. Ní ọdún 2013 àìsàn rọpárọsẹ̀ kọlù ú. Nígbà tó di ọdún 2014, ó jókòó sórí àga níwájú kámẹ́rà nínú ètò ìbéèrè-àti-ìdáhùn *Who Wants to Be a Millionaire*, ó sì gba mílíọ̀nù kan náírà. Inú mi dùn fún un lọ́jọ́ náà. Lálẹ́ ọjọ́ kan náà ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í rò ó. Ẹni tó ti ń ṣeré láti ọdún 1960, owó rẹ̀ tí gbogbo ìlú gbọ́ nípa rẹ̀ jù lọ, ìdáhùn ìbéèrè ló fi gbà á.

Ibi tí ọ̀rọ̀ owó ti wọlé nìyẹn, mo sì fẹ́ ká jókòó tì í díẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà sóko mọ àáró. Lónìí, gbogbo wa lọ bá Àjàní ro oko rẹ̀. Lọ́la, a dé oko Àkànní. Ní ọ̀tunla, ó kan tèmi. Kò sẹ́ni tó ń sanwó fún ẹnikẹ́ni, nítorí pé ọjọ́ ni owó. Nígbà tí fíìmù orí sẹlulọ́ìdì wọ́n kọjá agbára àwọn ọ̀gá eléré, tí náírà wọlẹ̀, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi kásẹ́ẹ̀tì fídíò ṣe eré nígbà tí ọdún 1990 ń sún mọ́lé, àáró ni wọ́n gbà ṣe é. Ọ̀gá yìí bá ọ̀gá yẹn ṣe olóyè fún ọjọ́ kan. Tó bá kan tirẹ̀, ọ̀gá yẹn náà yóò wá bá a ṣe adájọ́. Ìdí nìyí tí ẹ fi máa ń rí orúkọ ńlá nínú fíìmù Yorùbá tó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ kan láàfin, tó sọ gbólóhùn mẹ́ta, tí ẹ kò sì tún rí i mọ́. Àáró ló wá ṣe. Ìkórè rẹ̀ ń bọ̀ lọ́jọ́ mìíràn, nínú fíìmù tirẹ̀.

Àgbékalẹ̀ tó dáa ni, mi ò bú u. Òun ló gba fíìmù Yorùbá là nígbà tí kò sí báńkì kan tó fẹ́ wo ojú wa. Ṣùgbọ́n àáró ní òfin kan tí a kì í sọ jáde: ẹni tó máa jẹ ẹ́ gbọ́dọ̀ ní oko. Kí wá ni ti òṣèré tí kò ní owó láti gbé fíìmù tirẹ̀ jáde, tí kò mọ mákẹ́tà kankan ní Ìdúmọ̀tà, tó jẹ́ pé ojú rẹ̀ àti ẹnu rẹ̀ nìkan ló ní? Ó ń ro oko Àjàní, ó ń ro oko Àkànní, ọjọ́ kò kan òun láéláé. Àáró tiẹ̀ ti di ọ̀wẹ̀. Oúnjẹ ni wọ́n ń fi ń gba ọ̀wẹ̀, bó sì ṣe rí ní lókéṣọ̀n náà nìyẹn: ìrẹsì nínú kúlà, àti owó ọkọ̀.

Fíìmù náà kì í sì í gbó. Ẹ wo *Ṣaworoidẹ* tí Túndé Kèlání darí ní ọdún 1999, tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ. Kọ́lá Oyèwọ̀ ni Lápité, ọba Jogbo tó kọ̀ láti ṣe ètò tí ọba ìlú náà gbọ́dọ̀ ṣe. Ṣùgbọ́n ẹ béèrè lọ́wọ́ ẹni tó wò ó ní ọmọ ọdún mẹ́wàá pé ta ló rántí. Bàbá Ọ̀pálábá ni yóò kọ́kọ́ dárúkọ. Adébáyọ̀ Fálétí ló jẹ́ ẹ, akéwì, ọ̀kan nínú àwọn tó ṣiṣẹ́ ní tẹlifíṣàn Ìwọ̀-Oòrùn tó bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní ọdún 1959, ẹni tó kọ *Ọmọ Olókùn Ẹṣin*. Ọ̀pálábá kò jọba, kò dìtẹ̀, kò ta igi kan nínú igbó Jogbo. Ẹnu nìkan ló ní. Yóò wọ ààfin, yóò pa òwe, wọn yóò fi ṣe ẹ̀rín, yóò sì bá tirẹ̀ lọ. Nígbà tí ìlù bá wá ké, tí orí bẹ̀rẹ̀ sí í fọ́ ẹni tó dé adé idẹ, òwe tí wọ́n fi rẹ́rìn-ín ni òǹwòran ń rántí. Fálétí ní iṣẹ́ mìíràn lọ́wọ́, ó ní ìwé, ó ní ewì. Kì í ṣe eré ló ń bọ́ ọ. Kì í ṣe gbogbo wọn ló rí bẹ́ẹ̀.

Nínú fíìmù kan náà, Peter Fátómilọ́lá ni Amawomárò, babaláwo. Ọdún 1946 ni wọ́n bí i ní Ìfisín Èkìtì, ó sì wà lára àwọn tó bá Ọlá Rótìmí ṣeré ní Ifẹ̀ láti ìgbà ẹgbẹ́ òṣèré Orí Olókun. Mo fẹ́ràn ìtàn rẹ̀ nítorí ohun kan. Ní ọdún 1984, òun ni Wálé Adénúgà kọ́kọ́ fi ṣe Papa Ajasco. Ṣùgbọ́n Papa Ajasco ti wà nínú ìwé àwòrẹ́rìn-ín *Ikebe Super* kí Fátómilọ́lá tó wọ̀ ọ́ bí aṣọ. Nígbà tó bọ́ ọ, ẹlòmíràn gbé e wọ̀, orúkọ sì padà sọ́dọ̀ ẹni tó ni ín. Ìyẹn ni pé orúkọ pàápàá lè jẹ́ àyálò. Èyí tó kù sí i lọ́wọ́ kì í ṣe orúkọ bí kò ṣe oyè: babaláwo. Kó tó la ẹnu ni a ti mọ̀. Bí olùdarí kan bá fi ṣe máníjà báńkì lónìí, mo mọ àwọn èèyàn tí yóò máa retí ìgbà tí yóò ní kí oníbàárà lọ mú obì wá.

Òmíràn kò tilẹ̀ ju ohùn kan ṣoṣo lọ. Tólání Quadri Oyèbámijí, ọmọ Ìwó tí a mọ̀ sí Sìsí Quadri, tó kú ní oṣù kẹta ọdún 2024, èébú ni iṣẹ́ rẹ̀. Wọ́n ń pè é wá láti wá bú èèyàn. Ó mọ bí wọ́n ṣe ń to èébú bí ẹni to ẹrù, èyí tó wúwo nísàlẹ̀, èyí tó fúyẹ́ lórí. Ẹni tó rò pé ìyẹn rọrùn kó dìde kó bú mi báyìí fún ìṣẹ́jú méjì láìtún ọ̀rọ̀ kan sọ.

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé ilẹ̀ wa nìkan ni èyí wà. Ẹ jẹ́ kí n mú yín dé Amẹ́ríkà ká tó padà. Hattie McDaniel, tí wọ́n bí ní ìpínlẹ̀ Kansas ní ọdún 1893, ẹrú tó di òmìnira ni bàbá rẹ̀. Obìnrin náà fi ọ̀pọ̀ ọdún jẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀ nínú fíìmù Hollywood. Nínú *Gone With the Wind* ti ọdún 1939, ẹ̀dá tó jẹ́ kò tilẹ̀ ní orúkọ gidi: Mammy ni wọ́n ń pè é, bí ẹni pé Màámi. Ní ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n oṣù kejì ọdún 1940 ni wọ́n fún un ní Oscar ti òṣèré obìnrin tó gbé olórí eré ró. Òun ni aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba Oscar kankan. Hótẹ́ẹ̀lì tí wọ́n ti fún un, wọn kì í gba aláwọ̀ dúdú síbẹ̀. Ẹ̀bẹ̀ ni wọ́n fi wọlé fún un, tábìlì kékeré kan lẹ́bàá ògiri ni wọ́n sì fi òun àti ẹni tó bá a wá sí, jìnnà sí àwọn tí wọ́n jọ ṣe fíìmù. Àwọn aláwọ̀ dúdú mìíràn bú u pé ó ń fi ara ṣe ẹrú fún owó. Èsì rẹ̀ ni pé ó sàn kí òun gbowó ọmọ ọ̀dọ̀ nínú fíìmù ju kí òun jẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀ lóòótọ́. Ó kú ní ọdún 1952. Ibojì tó wù ú ní Hollywood kọ̀ láti gba òkú rẹ̀. Ó fi Oscar náà sílẹ̀ fún Yunifásítì Howard, ó sọnù níbẹ̀, ọdún 2023 ni wọ́n tó fi òmíràn rọ́pò rẹ̀.

Wọ́n sanwó fún un, ó kọ́lé, ó fi ilé náà jà ní kóòtù nígbà tí àwọn aládùúgbò funfun fẹ́ lé e, ó sì borí. Tiwa yàtọ̀: a máa ń fún òṣèré wa ní ìjókòó iwájú níbi ìnáwó, a máa ń dọ̀bálẹ̀ fún un, a máa ń lẹ owó mọ́ ọn lórí tí ijó bá gbóná. Ohun tí àdéhùn yẹ kó ṣe ni a fi ọ̀yàyà ṣe. Mi ò lè sọ pé èyí tí wọ́n ṣe fún Hattie ló dára jù. Ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ọ̀yàyà kò ní rìsíìtì.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun kan tí mo fi ojú ara mi rí, kí n tó lọ jókòó. Mi ò ní dárúkọ bàbá náà, ẹ ó rí ìdí rẹ̀.

Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, èmi pẹ̀lú òṣèré àgbà kan jọ lọ sí lókéṣọ̀n ní abúlé kan lẹ́yìn odi Ìbàdàn. Babaláwo ni wọ́n pè é wá ṣe. Ó gbé báàgì Ghana-must-go kan dání. Aṣọ rẹ̀ ló wà níbẹ̀, nítorí pé kò sẹ́ni tó máa bá a wá kọsitúùmù: bùbá àdìrẹ kan tó ti ṣí, fìlà, ìlẹ̀kẹ̀, ìrùkẹ̀rẹ̀, àti ọ̀pẹ̀lẹ̀ kan tó fi aṣọ funfun wé. Nínú ọkọ̀, dẹ́rẹ́bà wojú rẹ̀ nínú dígí, ó kígbe orúkọ rẹ̀ ti inú fíìmù, ó sì ní òun ò ní gba owó lọ́wọ́ Bàbá. Èrò ọkọ̀ ń pàtẹ́wọ́. A sọ̀ nítòsí ilé kẹ́míìsì kan, Bàbá fẹ́ ra oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru. Ọmọbìnrin tó ń tajà pariwo, ó pe ọ̀gá rẹ̀ láti ẹ̀yìn, wọ́n ya fọ́tò mẹ́ta. Lẹ́yìn náà, ó sọ iye tí oògùn jẹ́. Bàbá kà á lé e lọ́wọ́, ó pé.

Aago mẹ́jọ àárọ̀ ni wọ́n ní ká dé. Aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni ọmọkùnrin tó ni fíìmù, ìyẹn olórí eré, tó dé láti Èkó. Bàbá ti jókòó sábẹ́ igi máńgòrò láti àárọ̀, ó ń sọ ọ̀rọ̀ sábẹ́ ẹnu. Ìwé eré tí wọ́n fún un kò ju gbólóhùn méjì lọ: kó ní iṣẹ́ náà le, kó sì ní kí wọ́n lọ mú ewúrẹ́ dúdú wá. Olùdarí, ọmọ tí kò tíì tó ọgbọ̀n ọdún, ní kí Bàbá kàn ju ọ̀pẹ̀lẹ̀ sílẹ̀ kíákíá, iná jẹnẹrétọ̀ ń lọ. Bàbá wò ó. Ó di àárín ọ̀pẹ̀lẹ̀ náà mú pẹ̀lú ọwọ́ ọ̀tún, mẹ́rin rọ̀ sápá kan, mẹ́rin sápá kejì, ó jẹ́ kó dúró jẹ́ẹ́ kó tó rọra tẹ́ ẹ sórí ẹní. Ó ní, "Àwọn tó mọ̀ ọ́n máa wò wá." Díákónì ni Bàbá ní ṣọ́ọ̀ṣì rẹ̀ o. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ni iṣẹ́.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n yà á, ariwo jẹnẹrétọ̀ wọ inú ohùn. Ìgbà kejì, ewúrẹ́ dúdú tí wọ́n yá já okùn. Ìgbà kẹta, Bàbá kò sọ gbólóhùn méjì tí wọ́n kọ fún un. Ó wo ohun tó wà lórí ẹní, ó dákẹ́ pẹ́ títí tí mo fi rò pé ó ti gbàgbé ọ̀rọ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í bá ọmọkùnrin náà sọ̀rọ̀ wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ bí ẹni ń bá ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sọ̀rọ̀, nípa ilé tí ó ti sá kúrò, nípa ìyá tí kò pè lórí fóònù. Kò sí èyí tó wà nínú ìwé. Olórí eré, tí kò mọ̀ ọ́n rí, fọwọ́ nu ojú. Omijé tòótọ́ ni. Olùdarí kò lè pe "Kọ́ọ̀tì" fún bí ìṣẹ́jú kan.

Ilẹ̀ ti ṣú nígbà tí wọ́n parí. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń mójú tó owó jókòó sẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú tọ́ṣì àti ìwé ẹ́sásáìsì kan. Ó ti fa ìlà, ó ti kọ orúkọ, ó ti kọ iye sí iwájú rẹ̀. Kí kálukú sáà fọwọ́ sí i ló kù. Ní ti Bàbá, orúkọ inú fíìmù ló kọ. Bàbá gba bírò, ó tẹ̀ síwájú kó lè ríran dáadáa, ó fa igi lé ohun tí ọmọ náà kọ, ó sì fara balẹ̀ kọ orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ ní ọjọ́ kẹjọ, ti bàbá rẹ̀ tẹ̀lé e. Ó fọwọ́ sí i. Ó gba àpòòwé, kò tú u wò, ó tì í sínú báàgì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀pẹ̀lẹ̀.

Ọmọkùnrin náà tan tọ́ṣì sí ìwé rẹ̀, ó tún gbójú sókè.

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá," ó ní, "ta lẹ kọ síbí yìí?"